Bí ẹ ṣe lè gba ìmọ̀ àwọn tó ń sè ògógóró sílẹ̀

Ẹ má kọ́kọ́ na fóònù sí àgbàlagbà lójú. Ẹ kí wọn, ẹ fún wọn lóbì, kí ẹ jókòó ti iná. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi lọ́nà Ìkirun, l'Óṣogbo níbí, kì í sọ nǹkan kan tí ọwọ́ wọn bá dilẹ̀. Ẹnu iṣẹ́ ni ọ̀rọ̀ ti ń yọ.

Ẹ bi wọ́n: ẹmu wo ni wọ́n ń lò (ògùrọ̀ ni tiwa), ọjọ́ mélòó ló fi ń kan, igi wo ni wọ́n fi ń dáná, báwo ni páìpù ṣe ń gba inú omi tútù kọjá kí oru tó di ọtí. Ẹ gba ìró àgbá tí wọ́n fi ń sè é sílẹ̀ pẹ̀lú. Etí làwọn àgbà fi ń mọ̀ pé ó ti fẹ́ hó.

Ẹ fẹ̀sọ̀ béèrè nípa ọtí tó kọ́kọ́ ń kán. Ẹni tó mọṣẹ́ máa ń dà á nù, torí májèlé methanol lè wà níbẹ̀, ojú àti ahọ́n kò sì lè mọ̀ ọ́n. Ní 2015, ọtí tó ní methanol pa èèyàn ní Ìrèlè, Ìpínlẹ̀ Oǹdó. Nítorí náà, ìtàn là ń kọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má lọ gbé àgbá kaná lẹ́yìnkùlé.

Ìjọba òyìnbó fòfin de ògógóró, inú igbó ni wọ́n ti ń sè é nígbà náà. Ìtàn ìsápamọ́ yìí dùn jù! Ṣùgbọ́n ẹ gbàṣẹ kí ẹ tó kọ orúkọ ẹnikẹ́ni.