Bùbá àti ìró àdìrẹ fún èèyàn mẹ́jọ, bẹ́ ẹ ṣe lè rán an nílé fún ìgbéyàwó kékeré

Tó bá jẹ́ ìgbéyàwó kékeré lẹ fẹ́ ṣe, èyí tí wọ́n á kàn lọ kọ́ọ̀tù láàárọ̀ tí wọ́n á wá padà wá jẹun nínú kọ́ḿpáǹdì, ẹ lè rán aṣọ ẹbí yẹn fúnra yín jàre. Àbúrò mi obìnrin ló ṣe tiẹ̀ l'Abẹ́òkúta, obìnrin mẹ́jọ ló ní kó wọ bùbá àti ìró àdìrẹ, màmá wa, ìyá ọkọ ẹ̀, àwọn àǹtí wa méjì àtàwọn ọ̀rẹ́ ẹ̀ mẹ́rin. Télọ̀ tá a kọ́kọ́ gbé aṣọ fún ń sọ pé "ẹ padà wá lọ́la" títí tó fi ku ọ̀sẹ̀ méjì, ẹ ṣáà mọ lọ́la àwọn télọ̀, la bá lọ gba aṣọ wa bó ṣe wà, kò tíì fi sísọ́ọ̀sì kàn án rárá. Èmi tí mo ní máṣíìnì ọlọ́wọ́ kan tí mo fi ń tún yúnífọ́ọ̀mù àwọn ọmọ rán ni gbogbo wọn wá ń wò lójú.

Ohun tó gbà mí ni pé mi ò gba sítáì lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Bùbá àti ìró, ó parí. Tẹ́ ẹ bá ní kí kálukú fi fọ́tò ohun tó fẹ́ ránṣẹ́ lórí WhatsApp, ẹnì kan á fẹ́ kọ́séètì, ẹnì kejì á fẹ́ apá tó wú bíi bàlúù, ẹ ó wá máa wá síìpù kiri, ẹ ó máa wá láínììnì, gbogbo wọn á sì fẹ́ wá wọ̀ ọ́ wò lẹ́ẹ̀mẹta mẹ́ta. Bùbá ò ní síìpù, kò ní dáàtì tí wọ́n máa ń ká rán kí aṣọ lè fún mọ́ ara, èèyàn lè fi ínṣì méjì sanra kọ́jọ́ ìyàwó tó pé kó ṣì gbà á. Kódà ọ̀kan nínú àwọn ọ̀rẹ́ àbúrò mi ti lóyún tí kò sọ fún wa, bùbá yẹn náà ló bá a bo àṣírí.

Àdìrẹ la rà, ní Ìtòkú, ọjà àdìrẹ l'Abẹ́òkúta, yáàdì 5 fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Yáàdì 2 fún bùbá, 2 fún ìró, yáàdì kan tó kù màá sọ ohun tá a fi ṣe. Ẹ wọ̀n ọ́n lójú ọlọ́jà o, ẹ má tijú, torí yáàdì 5 ẹlòmíì kì í pé 5, ẹ sì wọn ìbú ẹ̀ náà torí pé ínṣì 45 ni gbogbo ìṣirò tí mo fẹ́ ṣe nísàlẹ̀ yìí dá lé.

Ẹ fọ aṣọ yẹn kẹ́ ẹ tó gé e. Mo mọ̀ pé ó ń ṣe yín bíi kẹ́ ẹ fo ibẹ̀, ẹ má fò ó. Aṣọ òwú máa ń sún kì tómi bá kàn án nígbà àkọ́kọ́, tẹ́ ẹ bá rán an tán kó tó sún kì, bùbá á di ti ọmọdé lẹ́yìn ọjọ́ ìyàwó. Ẹ̀kejì, aró àdìrẹ máa ń ṣí, pàápàá èyí tó dúdú dáadáa, á máa para mọ́ kọ́mú funfun, mọ́ àga, mọ́ ara. Omi tútù lásán, ẹ rẹ ẹ́, ẹ ṣàn án, ẹ tún rẹ ẹ́ títí omi á fi fẹ́ẹ̀ mọ́, ẹ sá a síbòji, kẹ́ ẹ sì lọ̀ ọ́ nígbà tó ṣì tutù díẹ̀. Tó bá jẹ́ alábẹ́là ni, tí àbẹ́là ṣì kù lára ẹ̀ tó ń le gbagidi, ẹ tẹ́ bébà ìwé ìròyìn sókè sísàlẹ̀ kẹ́ ẹ wá fi áyọ́ọ̀nù gbígbóná tẹ̀ ẹ́, bébà yẹn á fa àbẹ́là jáde.

Ìwọ̀n mẹ́ta péré ni mo gbà. Yíká àyà tàbí ìdí, èyí tó bá tóbi jù. Láti èjìká dé ibi tí wọ́n fẹ́ kí bùbá dúró. Ẹ̀kẹta ni apá, ibi táwọn èèyàn ti ń ṣì í nìyí, ẹ má wọ̀n ọ́n láti èjìká, torí pé èjìká bùbá máa ń wọ́ sílẹ̀ sórí apá. Ẹ wọ̀n láti egungun ẹ̀yìn ọrùn dé ọrùn ọwọ́, kẹ́ ẹ wá yọ ìdajì ìbú bùbá kúrò nínú ẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká mú ẹni tó jẹ́ ínṣì 40 yíká. Ẹ fi 8 kún un kó lè máa mí nínú ẹ̀, ó di 48, ìdajì ẹ̀ jẹ́ 24, ẹ fi ínṣì kan sí i fún ojú rírán, 25 nìyẹn. Tí gígùn bùbá bá jẹ́ 28, iwájú àti ẹ̀yìn jẹ́ 56, ẹ fi 2 sí i fún ìṣẹ́tí, 58. Nínú yáàdì 2 yín, ẹ gé 58 ní gígùn, ẹ gé 25 ní ìbú, ìyẹn ni ara. Ohun tó kù lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀ á fẹ̀ tó ínṣì 20, ibẹ̀ lapá méjèèjì ti máa jáde, ẹ gé ínṣì 22 lẹ́ẹ̀mejì níbẹ̀, ọ̀kan fún apá kọ̀ọ̀kan, 20 yẹn ni gígùn apá, 22 ni yíká ẹ̀. Èyí tó kù lẹ́yìn ìyẹn lẹ ó fi ṣe inú ọrùn. Kò sí ohun tó ṣòfò. Fún àǹtí mi tó jẹ́ 50, ara nìkan gba ínṣì 30, apá ò bá kúrú, látinú yáàdì karùn-ún ni mo ti mú apá tiẹ̀.

Ẹ wo àwòrán ara aṣọ dáadáa kẹ́ ẹ tó gé e o! Bùbá ò ní ojú rírán léjìká, ṣe la máa ń ká aṣọ lé èjìká, tí àwòrán yín bá ní òkè àti ìsàlẹ̀, tẹ̀yìn á dorí kodò. Àdìrẹ tí wọ́n ń pè ní Ìbàdàndùn ni ìyá ọkọ àbúrò mi mú, àwọn òpó gbọ̀ngàn Mápó wà lára ẹ̀, mi ò fura, àfìgbà tí mo ká a tí mo rí i pé òpó ti ń forí dúró lẹ́yìn. Mo bá gé e léjìká, mo yí ẹ̀yìn padà, mo so ó pọ̀. Tẹ́ ẹ bá máa ṣe bẹ́ẹ̀ ẹ fi ínṣì kan kún gígùn yẹn látìbẹ̀rẹ̀.

Ọrùn. Ẹ ká ara sí mẹ́rin, ẹ fi ṣọ́ọ̀kì sàmì sí àárín, ínṣì 3 àtààbọ̀ sọ́tùn-ún, bẹ́ẹ̀ náà sósì, ẹ̀yìn ínṣì kan péré, iwájú ẹ bẹ̀rẹ̀ láti 5, kẹ́ ẹ wá kì í bọ orí wò. Ọrùn tó kéré ẹ lè gé e sí i, èyí tó bá ti fẹ̀ jù ti lọ nìyẹn, mo ba ọ̀kan jẹ́ báyìí, ó ń já bọ́ léjìká, àfi bí mo ṣe yọ yáàdì 2 míì rà. Ẹ fi áyọ́ọ̀nù lẹ gọ́ọ̀mù sítéè, èyí tó máa ń mú aṣọ le, mọ́ aṣọ inú ọrùn, ẹ kojú ẹ̀ sí ojú bùbá, ẹ rán an yíká, ẹ fi sísọ́ọ̀sì gé e wẹ́wẹ́ láti etí títí ó fi ku díẹ̀ kó kan òwú, ẹ yí i sínú, ẹ lọ̀ ọ́. Tẹ́ ò bá gé wẹ́wẹ́ yẹn, ọrùn á máa hun jọ.

Ẹ fi apá mọ́ ara nígbà tó ṣì tẹ́ pẹrẹsẹ, àárín apá kó bá àárín èjìká mu, lẹ́yìn náà kẹ́ ẹ wá rán an láti ẹnu apá gba abẹ́ abíyá dé ìsàlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ rán abẹ́ abíyá lẹ́ẹ̀mejì, torí wọ́n á gbọ́wọ́ sókè náwó. Èmi ò ní máṣíìnì tó ń dí etí aṣọ, torí náà mo kọ́kọ́ rán an lójú síta, mo gé etí ẹ̀ kù díẹ̀, mo wá yí i padà tí mo tún rán an kí etí yẹn lè wọnú. Ó lọ́ra ṣùgbọ́n inú ẹ̀ mọ́ ju ti télọ̀ lọ.

Ẹ má rán aṣọ ẹnì kan tán kẹ́ ẹ tó mú tẹlòmíì. Mo gé mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ lọ́jọ́ kan, mo kọ orúkọ sí bébà mo fi píìnì gún un mọ́ kálukú, lẹ́yìn náà gbogbo ọrùn lálẹ́ ọjọ́ kan, gbogbo apá lálẹ́ ọjọ́ kejì, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀. Nígbà tó fi máa di ọrùn karùn-ún ọwọ́ ti mọ ọ̀nà.

Ìró ò le, ẹ kàn ṣẹ́ etí méjèèjì. Mo rán okùn mọ́ orí ẹ̀ lápá méjèèjì kí wọ́n lè so ó mọ́dìí, ẹni tó ń jó kì í rántí ìró. Yáàdì tó kù lára tàwọn méje yòókù la fi rán fìlà fáwọn ọkùnrin, fìlà méjì nínú yáàdì kan, wọ́n wọ funfun tí wọ́n ní nílé sí i, ó sì dáa ju kí ẹ máa rán agbádá lọ.

Lọ́jọ́ náà, ẹ fi abẹ́rẹ́, òwú aláwọ̀ aṣọ yẹn àti òwú funfun sínú báàgì yín. Èmi lo tèmi lẹ́ẹ̀mejì. Okùn ìró àǹtí mi já, èyí tó gbà mí lákòókò gan-an ni ti ọkọ ìyàwó fúnra ẹ̀, ìdí ṣòkòtò ẹ̀ ya fàà níbi tó ti ń dọ̀bálẹ̀ fún bàbá wa, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe èmi ni mo rán ìyẹn o.