Òkun ló gbé wákàtí 24 mi mì ní Dublin

Aago méje ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá òwúrọ̀ ni wọ́n yẹ tíkẹ́ẹ̀tì wa wò. Ẹ bá mi fi aago yẹn sọ́kàn, torí òun ló ná mi ní Yúrò 58 tí n kò ní lọ́kàn láti ná, òun náà ló sì mú kí ìyá mi, ẹni ọdún 68, dúró nínú òjò wẹ́ẹ́wẹ́ẹ́ ní O'Connell Street bí ẹrù tí olówó rẹ̀ gbàgbé.

Èrò tó dára ni mo fi bẹ̀rẹ̀. Màmá wá kí mi nínú oṣù Kẹsàn-án, ọjọ́ mẹ́ta péré la sì ní láti lò ní Dublin, olú ìlú Ireland. Orúnkún ń yọ wọ́n lẹ́nu. Ohun méjì ni wọ́n ní àwọn fẹ́: kí àwọn fojú rí òkun ńlá, kí àwọn sì wo ìlú láì fẹsẹ̀ rìn ín. Mo wá rí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì pé wọ́n ń ta méjèèjì pọ̀: ìrìn ọjọ́ kan pẹ̀lú amọ̀nà lọ sí Cliffs of Moher létí òkun Àtìláńtíìkì, àti wákàtí 24 nínú bọ́ọ̀sì alájà méjì tí wọ́n ń pè ní hop-on hop-off, èyí tó máa ń yí ìlú ká, tí èèyàn á bọ́ sílẹ̀ níbi tó bá wù ú, tí á tún wọ òmíràn tó ń bọ̀ lẹ́yìn. Tí mo bá rà wọ́n lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, màá fi Yúrò 9 kún un lórí ẹnì kọ̀ọ̀kan. Yúrò 18 fún àwa méjì! Mo ra àpapọ̀, mo sì ń yin ara mi. Bí mo ṣe sanwó kò gba àlàyé. Ẹni tó bá ti fi fóònù ra nǹkan rí mọ̀ ọ́n.

Ọjọ́ kìíní la lọ sétí òkun. Ọmọbìnrin amọ̀nà wa dúró lẹ́nu ọ̀nà bọ́ọ̀sì, ó na ẹ̀rọ ọwọ́ rẹ̀ sí kóòdù ojú fóònù mi, ẹ̀rọ náà ké "tíì", ó ní ká wọlé. Aago 6:50. Kò tilẹ̀ wá sí mi lọ́kàn pé nǹkan kan ti bẹ̀rẹ̀.

Ọ̀nà náà jìn ju bí mo ṣe sọ ọ́ fún Màmá lọ. Dublin wà ní ìlà-oòrùn Ireland, Moher wà ní Clare ní ìwọ̀-oòrùn pátápátá, gbogbo ilẹ̀ náà lẹ máa là já. Àlọ nìkan ju wákàtí mẹ́ta lọ. A dúró na ẹsẹ̀ ní Barack Obama Plaza, ilé epo ńlá kan ní Moneygall lójú ọ̀nà Limerick. Màmá rò pé mo ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ títí wọ́n fi rí orúkọ náà gàdàgbà lókè. Mo ṣàlàyé pé abúlé yẹn ni ọ̀kan nínú àwọn baba ńlá Obama níhà ìyá rẹ̀, Falmouth Kearney, ti ṣí lọ sí Amẹ́ríkà ní 1850, àti pé Obama fúnra rẹ̀ wá wo ibẹ̀ nínú oṣù Karùn-ún 2011. Wọ́n ní kí n ya àwọn ní fọ́tò. Fọ́tò ilé epo yẹn ni wọ́n kọ́kọ́ fi ránṣẹ́ sórí WhatsApp, kì í ṣe ti òkun.

Nígbà tí a dé Moher, ìkùukùu bo gbogbo ibẹ̀. Wákàtí kan àti ààbọ̀ ni wọ́n fún wa, ogójì ìṣẹ́jú àkọ́kọ́ funfun báláú bí ìgbà tí wọ́n ta aṣọ sójú ayé. Mo ti ń ka owó mi sí òfò. Àfi bí afẹ́fẹ́ ṣe gbá a kúrò lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo! Àpáta dúró bí ògiri, ó ga tó mítà 214 níbi tó ga jù, ó sì na nǹkan bíi kìlómítà 14 lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkun. Omi ń fọ́ nísàlẹ̀ tó fi dà bí ìfófó ọṣẹ. Màmá di ògiri òkúta tí wọ́n fi dáàbò bo ọ̀nà mú gírígírí, wọn ò sọ̀rọ̀ fún ìgbà pípẹ́. Nígbà tó yá wọ́n ní, "O ṣeun, ọmọ mi." N kò ní purọ́ fún yín, omi bọ́ lójú mi. (Àwọn ẹyẹ puffin tó kún inú ìpolówó wọn ńkọ́? Oṣù Kẹrin sí oṣù Keje ni wọ́n máa ń wà lára àpáta náà. Oṣù Kẹsàn-án la lọ. Èyí náà, n kò bi ẹnikẹ́ni.)

A gba Galway padà, a jẹun níbẹ̀, a sì wọ Dublin ní aago méje ààbọ̀ alẹ́. Bọ́ọ̀sì alájà tó kẹ́yìn ti lọ sílé ní nǹkan bí aago márùn-ún. Mo sọ fún Màmá pé kò burú, ọ̀la la máa lò ó.

Ọ̀la dé. Aago mẹ́sàn-án ààbọ̀ la ti wà níbi tí bọ́ọ̀sì ti ń gbéra, nítòsí Spire, òpó irin tẹ́ẹ́rẹ́ oní mítà 120 tí wọ́n nà sójú ọ̀run ní O'Connell Street. Awakọ̀ na ẹ̀rọ rẹ̀ sí kóòdù mi. Kò ké "tíì". Pupa ló yọ. Ó tún un ṣe, pupa. Ó ní, "Tíkẹ́ẹ̀tì yìí ti parí ní aago 6:50 àárọ̀ yìí."

Mo rẹ́rìn-ín. Mo rò pé àwàdà ni. Mo ní a kò tíì fẹsẹ̀ kan bọ́ọ̀sì yín rí, báwo ló ṣe máa parí? Ó rọra fi fóònù mi hàn mí. Nísàlẹ̀ pátápátá, lábẹ́ àwòrán àpáta àti bọ́ọ̀sì, nínú lẹ́tà wínníwínní tó ní àwọ̀ eérú, wọ́n kọ ọ́ pé gbogbo ohun tó wà lórí tíkẹ́ẹ̀tì náà bẹ̀rẹ̀ láti ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n bá yẹ kóòdù rẹ̀ wò. Gbogbo rẹ̀! Kóòdù kan ṣoṣo ló wà fún ohun méjèèjì. "Tíì" ti àná, tí mo rò pé ti Moher ni, òun ló ṣí wákàtí 24 bọ́ọ̀sì ìlú.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. Aago 6:50 àárọ̀ àná, bọ́ọ̀sì ìlú kò tíì jí. Láàárín ọjọ́ tí wọ́n ń ná ìlú, mo wà ní Clare, níbi tí bọ́ọ̀sì wọn kì í dé láéláé. Aago méje ààbọ̀ alẹ́ tí mo padà, wọ́n ti lọ sùn. Aago 6:50 àárọ̀ òní tó parí, wọn ò tíì jí. Nínú wákàtí 24 tí mo fowó rà, ìṣẹ́jú kan kò sí níbẹ̀ tí mo lè lò. Òdo! Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ lóòótọ́, n kò kà á, ẹ̀bi mi nìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹni tó jókòó tó so méjèèjì pọ̀ báyìí, ṣé kò ní aago nílé ni?

Awakọ̀ ní kí n lọ bá wọn ní ọ́fíìsì wọn, ìrìn ìṣẹ́jú márùn-ún. Ìṣẹ́jú márùn-ún tirẹ̀. Pẹ̀lú orúnkún Màmá, ó di mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Arákùnrin tó wà níbẹ̀ kò fi mí ṣe ẹlẹ́yà, ó ní òun rí i pé a kò wọ bọ́ọ̀sì wọn rí, ṣùgbọ́n àwọn kọ́ la sanwó fún, kí n pe àwọn tí mo rà á lọ́wọ́ wọn. Mo pè wọ́n. Orin ni wọ́n fi gbà mí lálejò, ogún ìṣẹ́jú gbáko. Orin náà dára o, mo tiẹ̀ ń fi ẹsẹ̀ lu ilẹ̀ sí i. Ẹni tó wá gbé fóònù ní àwọn kàn ń tà á ni, iléeṣẹ́ bọ́ọ̀sì ló lè tún àkókò náà ṣe. Mo gbé fóònù fún arákùnrin yẹn kí wọ́n jọ sọ̀rọ̀. Ó mi orí, ó ní òfin kò gba òun láyè láti bá wọn sọ̀rọ̀ lórí fóònù oníbàárà. Wọ́n di agbábọ́ọ̀lù mọ́ mi lọ́wọ́, èmi ni bọ́ọ̀lù.

A padà síbi bọ́ọ̀sì, bóyá awakọ̀ míì á ṣàánú. Òjò ti bẹ̀rẹ̀. Mo ń tẹ íméèlì, mo ń ya fọ́tò kóòdù, mo ń bá ẹ̀rọ tó ń fèsì fúnra rẹ̀ jà ("Inú mi dùn láti ràn ọ́ lọ́wọ́! Ṣé o fẹ́ ra tíkẹ́ẹ̀tì?"). Màmá fi gèlè bo orí, wọ́n wò mí títí, wọ́n wá bi mí jẹ́ẹ́jẹ́ pé, "Ṣé bọ́ọ̀sì tí o ní kò ní jẹ́ kí n fẹsẹ̀ rìn náà la ń lé kiri láti àárọ̀ yìí?"

Ibẹ̀ ni mo ti rántí Kilmainham Gaol. Aago mọ́kànlá ààbọ̀! Ọgbà ẹ̀wọ̀n àtijọ́ yẹn, amọ̀nà ló ń mú èèyàn wọ inú rẹ̀, ọjọ́ 28 ṣáájú ni wọ́n sì máa ń tú tíkẹ́ẹ̀tì sílẹ̀, ó sì máa ń tán kíákíá. Mo ti fi òru ra tiwa. Aago mọ́kànlá ti kọjá ìṣẹ́jú márùn-ún. Mo fi ìjà sílẹ̀, mo na ọwọ́ sí tasí, a wọlé nígbà tó ku ìṣẹ́jú mẹ́ta. Ohun kan ṣoṣo tí mo ṣe dáadáa lọ́jọ́ yẹn nìyẹn, ẹ jẹ́ kí n fi yangàn díẹ̀.

Inú ibẹ̀ tutù. Níbẹ̀ ni wọ́n ti yìnbọn pa 14 lára àwọn olórí ìdìtẹ̀ Ọjọ́ Àjíǹde ti 1916, tí àwọn ará Ireland fi dojú ìjà kọ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì. Amọ̀nà sọ fún wa nípa Joseph Plunkett, tó gbé Grace Gifford níyàwó nínú ilé ìsìn ẹ̀wọ̀n náà, tí wọ́n sì yìnbọn pa á ní wákàtí díẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Màmá fọwọ́ lẹ́rán. Nígbà tí a jáde, wọ́n ní, "Ọmọ yẹn kò tiẹ̀ gbé ọkọ rẹ̀ délé." Ọ̀rọ̀ tíkẹ́ẹ̀tì mi dákẹ́ fúngbà díẹ̀.

Ó dákẹ́ títí a fi dé ibi bọ́ọ̀sì alájà lẹ́yìn ọgbà ẹ̀wọ̀n. Kí ni mo fẹ́ ṣe? Ìlú ni Màmá fẹ́ wò. Mo ra tuntun lọ́wọ́ awakọ̀, Yúrò 29 ẹnì kọ̀ọ̀kan, fún wákàtí mẹ́rin tó kù lọ́jọ́ náà. Mo fi Yúrò 18 pamọ́, mo fi 58 rà á padà. Owó náà dùn mí, kò ṣeé sọ fún ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n bọ́ọ̀sì yẹn dùn. Òjò dá, Màmá gun òkè, wọ́n jókòó síwájú bí ọba. Ní Phoenix Park wọ́n ní àwọn máa bọ́ sílẹ̀ níbi àgbélébùú tí Póòpù John Paul Kejì ti ṣe Máàsì ní 1979 fún èèyàn tó ju mílíọ̀nù kan lọ. Ọmọ ìjọ Àgùdà ni wọ́n. Wọ́n kúnlẹ̀ sórí koríko tútù, orúnkún tí kò lè rìn láàárọ̀ o!

Àwọn tó ta tíkẹ́ẹ̀tì fèsì íméèlì mi lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́sàn-án. Wọ́n kẹ́dùn. Wọn ò dá kọ́bọ̀ padà, wọ́n ní wọ́n á dín ìdá mẹ́wàá kù fún mi nígbà míì. Ìgbà míì wo?

Tí ẹ̀yin bá máa ṣe é, ọjọ́ ìlú ni kí ẹ fi ṣáájú, kí ẹ sì wọ bọ́ọ̀sì alájà ní nǹkan bí aago mẹ́wàá. Nígbà náà, tí kóòdù kan bá tilẹ̀ ni, ti ìlú lẹ máa lò tán kí ilẹ̀ tó ṣú. Àmọ́ ẹ kọ́kọ́ bi wọ́n bóyá ti etí òkun ní ọjọ́ tirẹ̀ tí wákàtí 24 kò lè pa. Ẹ béèrè bóyá kóòdù méjì ni. Tí wọ́n bá ní ọ̀kan ni, ẹ rà wọ́n lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, ẹ má wo Yúrò 9. Ẹ sì bi wọ́n bóyá "ọjọ́ kan" ni tàbí "wákàtí 24", nítorí kì í ṣe ohun kan náà. Nípa oúnjẹ, aṣọ òjò àti ibi tí ẹ máa sùn, ẹ bi ẹlòmíì.

Ọjọ́ kẹta, owó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Mo ra Leap Card, káàdì tí wọ́n fi ń wọ ọkọ̀ ìlú níbẹ̀, a wọ DART, ọkọ̀ ojú irin etíkun, lọ sí Howth. Yúrò 2 ẹnì kọ̀ọ̀kan, kò tó ogójì ìṣẹ́jú. A jókòó sórí ògiri èbúté, omi ń lu òkúta lẹ́sẹ̀ wa, erékùṣù Ireland's Eye wà níwájú, Màmá ń jẹ ẹja díndín. Wọ́n wo òkun náà lápá ọ̀tún, wọ́n wò ó lápá òsì, wọ́n wá yíjú sí mi.

"Èyí náà kọ́ ni òkun ni?"