Bí mo ṣe gba owó oṣù tí wọ́n dá dúró fún mi

Oṣù kẹsàn-án ọdún 2017 ni wọ́n fún mi ní lẹ́tà pé kí n lọ rọ́ọ́kún nílé. Èmi ni mo ń tọ́jú sítọ̀ iléeṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ kan. Epo dísẹ́lì inú táǹkì jẹnẹrétọ̀ dín sí iye tó wà nínú ìwé, mo dáhùn kúẹ́rì, àlàyé mi ò wọ̀ wọ́n létí. Mo ka ìlà àkọ́kọ́ lẹ́tà náà, mo ká a pọ̀, ó di ilé.

Oṣù parí, alert ò wọlé. Oṣù kejì náà, òfo. Ìyàwó mi ló ní, "Bàbá Ìbejì, ẹ gbé lẹ́tà yẹn wá, ẹ kà á dópin." Ibẹ̀ la ti rí i: àkọlé rẹ̀ ní suspension, ìyẹn ìdádúró láìsí owó oṣù; inú rẹ̀ ní interdiction, ìyẹn kí n kúrò lẹ́nu iṣẹ́ títí ẹjọ́ yóò fi parí, kí n máa gba ìdajì owó oṣù.

Mo gbé e lọ bá bàbá kan tó fẹ̀yìn tì lẹ́ka ètò òṣìṣẹ́. Bàbá bú sẹ́rìn-ín. Wọ́n ṣí ìwé Public Service Rules ti 2008, ìwé òfin iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tí wọ́n ń lò nígbà náà, orí kẹta, wọ́n fìka tọ ibi tó ti ní kí wọ́n má fi suspension pe interdiction. Ẹni tó wà lórí interdiction, ẹjọ́ rẹ̀ ṣì wà nílẹ̀, wọn ò tíì dá a lẹ́bi. Ìdajì owó tí lẹ́tà kọ gbọ́dọ̀ máa wọlé. Bí wọ́n bá sì dá a láre, kí wọ́n dá a padà sẹ́nu iṣẹ́ lójú ẹsẹ̀, kí wọ́n san gbogbo èyí tí wọ́n mú.

Mo ti fẹ́ kọrí sí ẹ̀ka ìṣirò owó láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Bàbá ní kí n jókòó: ẹni tó wà lórí interdiction kì í yọjú síbi iṣẹ́ láìgbàṣẹ. Lẹ́tà ni kí n kọ, kó gba ọwọ́ ọ̀gá mi kọjá. Mo kọ ojú ìwé mẹ́ta. Bàbá fi bírò pupa fa méjì já, gbogbo ibi tí mo ti ń búra pé n ò jí dísẹ́lì. "Owó lo ń béèrè, kì í ṣe àforíjì." Mo fi ẹ̀dà lẹ́tà iléeṣẹ́ àti payslip mi tó kẹ́yìn há a, mo sì rí i pé wọ́n lu òǹtẹ̀ sí ẹ̀dà tèmi. Kí ọdún tó parí, ìdajì bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé, àtẹ̀yìnwá pẹ̀lú.

Ìwé yẹn kan náà ní kí ìwádìí má kọjá ọgọ́ta ọjọ́, àyàfi tó bá di ẹjọ́ ọ̀daràn. Tèmi gba oṣù méje. Mo rán wọn létí lẹ́ẹ̀mejì.

Táǹkì ló jẹ̀bi. Búlọ́ọ̀kù kan lábẹ́ rẹ̀ ti rì, ó fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ibi tó ga sókè ni wọ́n sì ń ti ọ̀pá tí wọ́n fi ń wọn epo bọ̀, epo wá ń hàn bíi pé ó dín.

Mo wọṣẹ́ padà lóṣù kẹrin ọdún 2018, ṣùgbọ́n ìdajì tó kù ò tẹ̀ lé mi. Wọ́n ní ó di ọwọ́ IPPIS, ètò orí kọ̀ǹpútà tí ìjọba àpapọ̀ fi ń san owó oṣù òṣìṣẹ́. Ẹ má jókòó dè wọ́n. Mo fa ìlà sínú ìwé eléwé ogójì: oṣù, iye tó yẹ, iye tó wọlé, ìyókù. Obìnrin kan ní ẹ̀ka ìṣirò owó wò ó, ó ní, "Bàbá, ẹ ti gbàgbé àfikún ọdọọdún ti January." Òótọ́ ni. Òun náà ló ní kí n wo owó ìfẹ̀yìntì mi: ìdá mẹ́jọ nínú ọgọ́rùn-ún tí wọ́n ń yọ, orí ìdajì owó ni wọ́n ti ń yọ ọ́ ní gbogbo oṣù wọ̀nyẹn. A tún ìwé kọ.

Àjẹẹ́lẹ̀ náà wọlé lóṣù kẹsàn-án, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo. Táǹkì ṣì fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ lọ́jọ́ náà. Èmi àti awakọ̀ kan la wá búlọ́ọ̀kù míì tì í lábẹ́.