Àṣìṣe tí ọ̀pọ̀ wa ń ṣe tá a bá wọ bọ́ọ̀sì tour ọjọ́ kan ní Ireland

Nígbà tí ìyá ọkọ mi wá kí wa ní Dublin láti Abẹ́òkúta, mo ní mi ò ní jẹ́ kí wọ́n jókòó sílé máa wo tẹlifíṣọ̀n títí wọ́n á fi padà, ni mo bá ra tíkẹ́ẹ̀tì bọ́ọ̀sì tó ń lọ Cliffs of Moher, àpáta gíga etí òkun tó wà níwọ̀ oòrùn Ireland, fún àwa méjèèjì. Aago márùn-ún ìdájí la jí. Nígbà tá a máa fi dé etí òkun, kùrukùru ti bo gbogbo ibẹ̀ bí ìgbà téèyàn da èlùbọ́ sínú atẹ́gùn. Mummy yíjú sí mi, wọ́n ní, "Ìyàwó, ṣé kùrukùru la jí láago márùn-ún wá wò?"

Kò sí èsì lẹ́nu mi. Èmi ni mo mú tour yẹn, fọ́tò tó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì ni mo sì wò mú un. Látìgbà yẹn mo ti bá oríṣiríṣi àlejò lọ, àwọn tó wá láti ilé, àwọn tó wá láti London, àwa tá a ń gbé Blanch (Blanchardstown, ní Dublin) níbí náà, mo wá rí i pé àṣìṣe kan náà la jọ ń ṣe, owó la sì ń fi ṣe é.

Ẹ má ka ìlú, wákàtí ni kẹ́ ẹ kà

Ibi tí gbogbo ẹ̀ ti ń bàjẹ́ nìyí. Wọ́n á kọ Cliffs of Moher, Burren, Doolin, Kinvara, Galway, gbogbo ẹ̀ fún ọjọ́ kan, ojú wa á wọ̀ ọ́, a ó ní ibi márùn-ún lówó ibì kan, ọjà ti wọ́lẹ̀ nìyẹn. Ẹ fa pẹ́ńsù yọ jàre. Láti Dublin dé Cliffs of Moher tó nǹkan bíi 270 kìlómítà, bọ́ọ̀sì ńlá máa ń lò tó wákàtí mẹ́ta ààbọ̀ lójú ọ̀nà, àlọ nìkan nìyẹn o. Tí wọ́n bá ní wákàtí 13 ni gbogbo ìrìn, ẹ mú 7 kúrò fún ìjókòó, ó ku 6, nínú mẹ́fà yẹn náà lẹ ti máa jẹun, lẹ ti máa tò síwájú ilé ìtọ̀, lẹ ti máa dúró de ẹni tó lọ ra tíì tí kò tètè dé. Ìlú míì wà nínú èyí tí wọ́n kọ gàdàgbà yẹn tó jẹ́ pé ojú fèrèsé lẹ máa ti rí i, gáìdì á ní ẹ wo ọwọ́ ọ̀tún, kí ẹni tó jókòó lápá òsì tó na ọrùn, ó ti kọjá.

Ohun tó yẹ kẹ́ ẹ wá ni iye ìṣẹ́jú tí bọ́ọ̀sì máa dúró níbì kọ̀ọ̀kan. Fún Cliffs of Moher, tó bá dín ní wákàtí kan ààbọ̀, ẹ fi sílẹ̀. Tẹ́ ẹ bá kọjú sí òkun, ọwọ́ ọ̀tún ni ilé ìṣọ́ O'Brien wà, èyí tí Cornelius O'Brien kọ́ ní 1835, ìtòsí ibẹ̀ ni àpáta yẹn ti ga jù, 214 mítà ló fi ga ju omi lọ. Ọwọ́ òsì náà ní tiẹ̀, ẹ ó rí bí àwọn àpáta ṣe tò tẹ̀léra wọn wọnú omi. Ẹni tó fẹ́ rìn méjèèjì láì sáré nílò àkókò, ẹni tí kùrukùru bá sì bá níbẹ̀ nílò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ogún ìṣẹ́jú ló kù fún wa lọ́jọ́ tí mò ń sọ yìí kí atẹ́gùn tó dìde, ó sì ká kùrukùru yẹn kúrò bí ẹni ká kọ́tìnì. Ẹ̀yìn ẹyẹ ni mò ń wò, ẹ gbọ́ mi yé o, ẹyẹ ń fò, ìsàlẹ̀ ẹsẹ̀ mi ló wà, omi òkun ń fọ́ funfun nídìí àpáta lọ́hùn-ún. Mummy di ògiri òkúta yẹn mú, wọn ò sọ nǹkan kan fúngbà díẹ̀. Nígbà tí wọ́n máa sọ̀rọ̀, wọ́n ní, "Olúmọ kékeré ni." Kẹ́ ẹ sì rántí pé Ẹ̀gbá ló sọ bẹ́ẹ̀. Ká ní wákàtí kan péré ni wọ́n fún wa, kùrukùru là bá gbé relé.

Tẹ́ ẹ bá ní àgbàlagbà tó ń rojọ́ orúnkún tàbí ọmọdé, ẹ tiẹ̀ fi ìwọ̀ oòrùn sílẹ̀ ná. Glendalough ní Wicklow ò ju nǹkan bíi 50 kìlómítà sí Dublin. Adágún méjì ló wà níbẹ̀, ilẹ̀ títẹ́jú ló sì wà láàárín wọn, pẹ̀lú ilé àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ ẹ̀sìn tí Kevin Mímọ́ dá sílẹ̀ lọ́gọ́rùn-ún ọdún kẹfà, ilé gogoro olóbìírípo tó ga tó 30 mítà ṣì dúró síbẹ̀ dòní. Tó bá jẹ́ Ring of Kerry, ọ̀nà tó yí etí òkun Kerry po, lẹ fẹ́, ẹ lọ sùn ní Killarney kẹ́ ẹ tó wọ bọ́ọ̀sì ibẹ̀, àlọ àtàbọ̀ láti Dublin lọ́jọ́ kan, ìyà ni. Àwọn bọ́ọ̀sì ńlá kì í rìn ín síbi tó wù wọ́n, apá kan náà ni gbogbo wọn ń gbà yí i po kí wọ́n má baà pàdé ara wọn lójú ọ̀nà tóóró, torí ẹ̀, ẹni tó bá jókòó lọ́wọ́ ọ̀tún ló máa ń rí òkun. Èyí tí mo sọ yìí, ẹ má sọ fún gbogbo èèyàn.

Àríwá kì í ṣe ìlú kan náà o, ẹ wo físà yín

Ibí yìí ni mi ò fẹ́ ṣe yẹ̀yẹ́ rárá. Tour tó ń lọ Giant's Causeway dùn, mi ò ní purọ́, nǹkan bí 40,000 òpó òkúta tó tò pọ̀ létí òkun, ọ̀pọ̀ nínú wọn ní igun mẹ́fà bíi pé káfíńtà ló gé e. Àárín Dublin náà ni bọ́ọ̀sì ẹ̀ ti ń gbéra láàárọ̀ bíi ti tàwọn tó kù, owó ẹ̀ ò sì fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀. Àmọ́ Northern Ireland nìyẹn, abẹ́ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ló wà. Bó o bá ń lo páásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà, káàdì IRP (káàdì ìgbélùú Ireland) tó ò ń lò ní Dublin ò gbé ẹ débẹ̀, o nílò físà UK. Ẹni tó sì wá láti London tàbí Manchester pẹ̀lú páásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà, ìwé ìgbélùú UK tó ní ò gbé e wọ Dublin, físà Ireland lọ́tọ̀ ni. Àwọn tó ti di ọmọ Ireland tàbí ọmọ Gẹ̀ẹ́sì nínú ìwé nìkan ni ọ̀rọ̀ yìí ò kàn.

Ohun tó ń tan èèyàn ni pé kò sí géètì ní bọ́dà, kò sí ẹni tó máa ní kẹ́ ẹ sọ̀ kalẹ̀ gba sítáǹbù. Ohun tẹ́ ẹ máa fi mọ̀ ni pé ìlà ẹ̀gbẹ́ títì tó jẹ́ yẹ́lò á ṣàdédé di funfun, nọ́ńbà eré mọ́tò á kúrò ní kìlómítà di máìlì, owó tí wọ́n ń ná á kúrò ní euro di pọ́n-ùn. Àwọn èèyàn á wá máa sọ pé àwọn ti lọ ẹ̀ẹ̀mẹta, kò sẹ́ni tó bi àwọn ní nǹkan kan. Ọjọ́ tí ọlọ́pàá bá dá bọ́ọ̀sì dúró ní bọ́dà, tó wọlé, tó ní kí kálukú mú ìwé jáde, ṣé ẹni yẹn máa wà níbẹ̀ bá ẹ sọ̀rọ̀ ni? Wọ́n máa ń ṣe é o, pàápàá nígbà tí bọ́ọ̀sì bá ń padà bọ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mú ìyá tàbí bàbá wá láti ilé pẹ̀lú físà single entry (èyí tó jẹ́ ẹ̀ẹ̀kan péré lèèyàn lè fi wọlé), ẹ tún ṣọ́ra: tí wọ́n bá ti rékọjá sí àríwá, wọ́n ti jáde ní Ireland nìyẹn, físà tí wọ́n lò ti tán. Nítorí òkúta!

Aago mẹ́wàá wọn, aago mẹ́wàá ni

Dírẹ́bà á ní ká padà ní 10:20. Fún wa, 10:20 ni ìgbà tá a ń bẹ̀rẹ̀ sí í palẹ̀ mọ́. Bọ́ọ̀sì Cliffs tá a wọ̀ dúró ní Moneygall, ìlú kékeré tí bàbá ńlá Obama kan lápá ìyá ti kó lọ sí Amẹ́ríkà ní 1850. Obama fúnra ẹ̀ wá síbẹ̀ ní 2011, wọ́n sì fi orúkọ ẹ̀ sọ ilé epo àti ilé oúnjẹ tó wà lójú ọ̀nà márosẹ̀ níbẹ̀. Ẹ mọ̀ wá, a ti rí orúkọ Obama, fọ́tò bẹ̀rẹ̀. Tọkọtìyàwó kan nínú wa ṣì ń yí ara wọn síhìn-ín sọ́hùn-ún, dírẹ́bà ka èèyàn, ó tún un kà, ó tan iná. Èmi ni mo sọ̀ kalẹ̀ tí mo sáré lọ pè wọ́n, ìyàwó ń sáré bọ̀ pẹ̀lú bàtà gogoro, ọkọ ń kígbe "We are coming o!" Oyinbo inú bọ́ọ̀sì ò sọ nǹkan kan, ojú ni wọ́n fi ń sọ̀rọ̀.

Kì í ṣe ìkà ló ń ṣe dírẹ́bà. Òfin Yúróòpù ò gbà kó wakọ̀ ju wákàtí mẹ́rin ààbọ̀ lọ láì sinmi ìṣẹ́jú 45, ó sì ní iye wákàtí tó gbọ́dọ̀ wakọ̀ lójúmọ́. Ẹ̀rọ kan wà nínú bọ́ọ̀sì tó ń kọ gbogbo ẹ̀ sílẹ̀, kò sí bó ṣe lè yí i. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá tẹ́ ẹ bá jẹ ní Moneygall, ara ti Cliffs ni wọ́n ti máa yọ ọ́. Tí wọ́n bá sì fi yín sílẹ̀, owó ara yín lẹ máa fi wálé.

Ọ̀rọ̀ aṣọ ńkọ́? Mummy wé gèlè. Mo sọ, wọn ò gbọ́, wọ́n ní ìgbà wo làwọn tún fẹ́ wá. A ò tíì rìn ìṣísẹ̀ mẹ́wàá kúrò nínú ọgbà ọkọ̀ tí atẹ́gùn Àtìláńtíìkì fi tú u, ọlọ́run ló ní ká rí i he lára wáyà. Agboorùn náà, ẹ fi sílé, ó máa ṣẹ́ ni. Jákẹ́ẹ̀tì tí omi ò lè wọ̀ tó sì ní fìlà, súwẹ́tà lábẹ́ ẹ̀, bàtà tí kì í yọ̀, kódà nínú oṣù Keje. Òjò, oòrùn, òjò, láàárín wákàtí kan, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń ṣe é níbẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin aláwòrán, ẹ má fo ògiri òkúta yẹn kọjá nítorí TikTok. Tẹ́ ẹ bá ti kúrò níbi tí wọ́n mọ ògiri sí, bèbè lásán ló kù, koríko ló bò ó, ilẹ̀ abẹ́ ẹ̀ sì lè ti jẹ wọnú. Èèyàn ti ṣubú kú níbẹ̀, ní 2024 wọ́n tiẹ̀ ti apá kan ọ̀nà ẹsẹ̀ yẹn pa.

Oúnjẹ: ẹ gbé ti yín dání, àmọ́ ìta ni kẹ́ ẹ ti jẹ ẹ́, kì í ṣe inú bọ́ọ̀sì, jọ̀lọ́ọ̀fù tí ẹja gbígbẹ wà nínú ẹ̀ ò ṣe é ṣí láàárín àádọ́ta èèyàn tí fèrèsé wọn ò ṣeé ṣí. Ẹni tí ọkọ̀ máa ń gbé lójú, iwájú ni kó jókòó, kó sì ní ọ̀rá lápò, torí ọ̀nà Burren lọ́ bí ìfun ewúrẹ́. Ọ̀pọ̀ bọ́ọ̀sì ni kò ní ilé ìtọ̀, ibi tí wọ́n bá ti dúró, ẹ lọ, bó ṣe yín bí kò ṣe yín. Tẹ́ ẹ bá mú ti ọjọ́ Sunday, ẹ rántí pé Luas, rélùwéè inú ìlú Dublin, kì í tètè bẹ̀rẹ̀ bíi tàwọn ọjọ́ tó kù, ó lè má gbé yín dé ìdí bọ́ọ̀sì tour lásìkò, ẹ wá ọkọ̀ míì sílẹ̀ láti alẹ́. Oṣù Kejìlá náà, aago mẹ́rin kọjá díẹ̀ ni ilẹ̀ ń ṣú, ìdajì ohun tẹ́ ẹ sanwó ẹ̀, òkùnkùn lẹ máa bá.

Èyí tó ń dùn mí jù wá ni oorun. Kí bọ́ọ̀sì tó jáde ní Dublin, àwọn èèyàn wa á ti ki ìgbọ́rọ̀ fóònù sétí, wọ́n á sùn, wọ́n á jí nígbà tí wọ́n bá ní fọ́tò yá. Ìtàn tí dírẹ́bà ń sọ, ìdajì tour yẹn nìyẹn. Òun ló sọ fún wa pé Gleann Dá Loch tó wà lórí pátákó ojú ọ̀nà lókè Glendalough, àfonífojì adágún méjì ló túmọ̀ sí, àṣé àwọn náà kì í ṣàdédé sọ ilẹ̀ lórúkọ. Òun náà ló fi igi hawthorn kan hàn wá láàárín pápá, tí wọ́n ro gbogbo oko yí i ká tí wọn ò fọwọ́ kàn án, ó ní iwin ló ni ín. Ó ní ní 1999, ní Latoon ní àgbègbè Clare, ọ̀nà mọ́tò tuntun fẹ́ gba orí irú igi bẹ́ẹ̀, onítàn kan tó ń jẹ́ Eddie Lenihan figbe ta, wọ́n sì tún ọ̀nà yẹn yà fún igi. Mo túmọ̀ ẹ̀ fún Mummy. Wọ́n ní, "Wọ́n gbọ́n. Ta ló ń fi àáké kọ lu ìrókò láìbi í?" Láti ibẹ̀ lọ ni wọn ò ti jẹ́ kí n sinmi mọ́, gbogbo ohun tí ọkùnrin yẹn bá sọ ni mo gbọ́dọ̀ túmọ̀.

Tẹ́ ẹ bá ń sọ̀ kalẹ̀ lálẹ́, ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ dírẹ́bà, gbogbo ará Ireland ló ń ṣe é, àní nínú bọ́ọ̀sì kékeré. Euro méjì mẹ́ta náà ò burú tó bá ṣe dáadáa, kì í ṣe dandan. Mummy ò ní euro lọ́wọ́, ni wọ́n bá dúró lẹ́nu ọ̀nà bọ́ọ̀sì, wọ́n gbé ọwọ́ lé e léjìká, wọ́n bẹ̀rẹ̀ àdúrà ní Yorùbá, ọ̀nà ò ní nà án, irin ò ní jẹ ẹ́, àwọn tó kù tò sẹ́yìn wa pẹ̀lú báàgì lọ́wọ́, ọkùnrin yẹn ṣí fìlà, ó tẹrí ba, gbogbo ibi tí Mummy bá ti mí, ó ń ṣe "Amen."