Àdírẹ́sì ìràwọ̀: bẹ́ ẹ bá gbàgbé ọdún ẹ̀, ẹ ò ní bá a nílé

Ìwé àtijọ́ kan ni mo kọ́kọ́ fi wá ìràwọ̀. Mo ka nọ́ńbà inú ẹ̀, mo yí tẹlisíkóòpù síbẹ̀ gẹ́lẹ́, mo wò ó títí ọrùn fi fẹ́ kán, mi ò rí nǹkankan. Àṣé wọ́n kọ 1950 sídìí nọ́ńbà yẹn, èmi ò tiẹ̀ wobẹ̀.

Ìràwọ̀ Barnard la máa fi kọ́ bí wọ́n ṣe ń ka irú nọ́ńbà bẹ́ẹ̀. Ó sún mọ́ wa gan-an, ọdún ìmọ́lẹ̀ mẹ́fà péré, àmọ́ kò mọ́lẹ̀ tó ohun téèyàn lè fojú lásán rí. Ẹ tẹ orúkọ ẹ̀ sí SIMBAD, ìyẹn ibi tí wọ́n ń kó àdírẹ́sì ìràwọ̀ jọ sí ní Strasbourg nílẹ̀ Faransé, ẹ máa rí i báyìí: 17h 57m 48s, +04° 41′ 36″, J2000.

Èyí tó ní + níwájú ni declination, bíi látitúùdì ló ṣe rí, ojú ọ̀run ni tiẹ̀ ṣáà wà. Dígírì kan jẹ́ 60′, 1′ sì jẹ́ 60″. Ìbàdàn wà ní bíi dígírì 7.4 lápá àríwá, ìràwọ̀ yìí wà ní 4.7, ẹ yọ ọ́ kúrò, ó ku 2.7, á jẹ́ pé tó bá ga dé ibi tó lè ga dé, àtàrí yín ló máa wà, á kàn fì sí gúúsù díẹ̀.

Èyí tó ṣáájú ni right ascension, bíi lọ́ńgítúùdì lòun náà, wákàtí ni wọ́n fi ń kà á, 0 sí 24, wákàtí kan jẹ́ dígírì 15. Òun ló máa sọ ìgbà tẹ́ ẹ máa jáde. Èyí tó bá wà nítòsí wákàtí 18, ìparí oṣù kẹfà ló máa ń wà lókè láàárín òru, n'Ìbàdàn ẹ fi bí ìṣẹ́jú 45 kún un torí aago Nàìjíríà ń sáré ju oòrùn ibẹ̀ lọ. Àmọ́ ta ló ń rí ìràwọ̀ nínú òjò oṣù kẹfà? Tẹ́ ẹ bá padà sẹ́yìn oṣù kan, wákàtí méjì ló máa fi pẹ́ sí i, nítorí ẹ̀ ni mo ṣe fẹ́ràn ìparí oṣù kẹrin, ní nǹkan bí aago márùn-ún ìdájí ku ìṣẹ́jú 15.

Ó wá ku J2000, ibẹ̀ lọ̀rọ̀ wà. Ọ̀sán ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2000 ni. Ilé ayé ń mì lórí bí òkòtó táwọn ọmọdé ta, ó ń gbà á ní bíi 26,000 ọdún kó tó mì yípo lẹ́ẹ̀kan, gbogbo ìlà tá a fi ń ka nọ́ńbà sì ń bá a lọ. Láàárín 1950 sí 2000 nìkan, ó ti tó ìdá méje nínú mẹ́wàá dígírì, ó fẹ̀ ju òṣùpá àrànmọ́jú lọ. Ohun tó ṣe mí lálẹ́ ọjọ́ yẹn nìyẹn.

Ìràwọ̀ fúnra ẹ̀ náà tún ń rìn, ẹ má pa méjèèjì pọ̀. Ti àkọ́kọ́, bí ìgbà tíjọba yí nọ́ńbà ilé àdúgbò ni, ti èkejì, ayálégbé ló kó lọ. Kò sí ìràwọ̀ tó ń yára kẹ́rù lójú ọ̀run bíi ti Barnard, 10.36″ lọ́dọọdún, apá àríwá ló sì ń forí lé. Ká ní 2026 la wà: ọdún 26 lọ́nà 10.36 jẹ́ 269″, ìyẹn 4′ 29″, ẹ rò ó mọ́ 41′ 36″, declination á di +04° 46′ 05″. Ìlà ọdún 2000 la ṣì ń lò o, ayálégbé nìkan la wá lọ. Tó bá jẹ́ nọ́ńbà Gaia DR3 lẹ mú, ìyẹn àkójọ ìràwọ̀ tí wọ́n fi sátẹ́láìtì Gaia ṣe, 2016 ni wọ́n kọ sí i, ọdún mẹ́wàá péré lẹ máa rò mọ́ ọn.

Tí ìṣirò bá ti sú yín, ẹ ṣí Stellarium, ìyẹn ètò orí kọ̀ǹpútà tó ń fi ojú ọ̀run hàn, ẹ tẹ ìràwọ̀ yẹn, ó máa gbé ìlà méjì jáde: ọ̀kan ní J2000, èkejì ní on date, ìyẹn nọ́ńbà tọjọ́ tẹ́ ẹ ń wò ó gan-an. Tó bá jẹ́ ọwọ́ lẹ fi ń yí tẹlisíkóòpù, on date ni kẹ́ ẹ lò. Tó bá jẹ́ ti kọ̀ǹpútà, ẹ wo ìwé ẹ̀ kẹ́ ẹ mọ èyí tó ń bi yín.