Bí ohùn ṣe padà sórí risífà home theater wa

Ní Ṣàgámù níbí, risífà tó wà ní pálọ̀ wa, ìyẹn ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn lọ sí àwọn sípíkà, kàn máa ń dákẹ́ ni: àwòrán á wà lórí tẹlifíṣọ̀n, ohùn ò ní sí, pàápàá lórí HDMI ARC, ìyẹn ojú ihò HDMI tí ohùn tẹlifíṣọ̀n ń gbà dé risífà. Mo pààrọ̀ okùn, pàbó. Mo ní kí risífà gba firmware tuntun, ìyẹn ètò inú ẹ̀rọ tó ń darí ẹ̀, láti orí íntánẹ́ẹ̀tì. Dátà ń lọ, nẹ́tíwọ̀kì ń já, kò parí.

Fláàṣì ló yanjú ẹ̀. Mo wo nọ́ńbà módẹ́ẹ̀lì lẹ́yìn risífà, mo sì wa fáìlì tiẹ̀ gan-an jáde lórí wẹ́ẹ̀bù àwọn tó ṣe é. Fláàṣì náà wà ní exFAT, ọ̀kan lára ọ̀nà tí fláàṣì ń gbà to fáìlì, risífà ò rí i rárá. Ìgbà tí mo fọ́máàtì ẹ̀ sí FAT32 ló tó dá a mọ̀. Ẹ tú fáìlì zip náà, kẹ́ ẹ kó ohun tó wà nínú ẹ̀ sórí fláàṣì, ẹ má fi sínú fódà kankan, kẹ́ ẹ wá ki fláàṣì bọ risífà. Lẹ́yìn náà, ẹ lọ síbi tí wọ́n kọ Firmware Update sí nínú Setup, kẹ́ ẹ yan USB.

Iná ni kẹ́ ẹ ṣọ́ o! Bí wọ́n bá mú un lọ láàárín, ẹ̀rọ náà lè kú pátápátá. Jẹnẹrétọ̀ ni mo tan ní tèmi, mo bu epo sí i dáadáa. Ojú risífà ṣókùnkùn, ó pa ara ẹ̀, ó tún tan, ohùn dé. Kì í ṣe gbogbo risífà ló ń gba fláàṣì ṣá.