Àṣìṣe tí a máa ń ṣe lórí ìtàn ilẹ̀ abúlé Àbújá

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, àbúrò wa kan ní ṣọ́ọ̀ṣì gbé ìwé ilẹ̀ wá bá mi nílé ní Kubwa, ní Àbújá níbí. Ó ti sanwó kó tó wá bi mí. Ìwé náà ti pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, etí rẹ̀ ti jẹ, òǹtẹ̀ Bwari Area Council wà nísàlẹ̀, ọdún tó wà lórí rẹ̀ sì ni 1993. Mo ní, "Àbúrò, ta ló tẹ òǹtẹ̀ yìí?"

Kánsù Bwari kò tíì sí ní 1993. Oṣù kẹwàá 1996 ni wọ́n dá òun àti Kwali sílẹ̀. Ṣáájú ìgbà náà, mẹ́rin péré ni kánsù Àbújá, láti 1984: Abaji, Gwagwalada, Kuje àti AMAC (Abuja Municipal Area Council). Abẹ́ AMAC ni Bwari wà. Ẹni tó ṣe ìwé yẹn mọ bí wọ́n ṣe ń fi tíì sọ bébà di ògbólógbòó, ìtàn ni kò mọ̀. Ẹ má ṣe wo òǹtẹ̀ láìwo ọdún.

Orúkọ Àbújá pàápàá tún ń ṣi ọ̀pọ̀ lọ́nà. Ẹnìkan á ní bàbá òun gba ilẹ̀ "ní Abuja" ní 1965. Ó lè má purọ́, Suleja ló ń sọ. Àwọn ọba Hausa tí ogun jíhàádì lé kúrò ní Zaria ló tẹ ìlú yẹn dó. Orúkọ Abu, ọ̀kan nínú àwọn ọba náà, tí wọ́n ń pè ní Ja nítorí pé ó pupa, ni wọ́n fi sọ ọ́. Ìgbà tí ìjọba gba orúkọ náà fún olú-ìlú tuntun ni ìlú àtijọ́ di Suleja, ó sì wà ní ìpínlẹ̀ Niger títí dòní. Minna ni kí ẹ ti lọ wá irú ìwé bẹ́ẹ̀.

Èyí tó ń jẹ owó wa jù ni ti ọmọ onílẹ̀. A ti bá wọn fà á ní Ìkòròdú àti Ìbàdàn, a wá rò pé bákan náà ló rí níbi gbogbo: gbé ọtí àti obì lọ bá baálẹ̀, kí ẹbí fọwọ́ síwèé, ó parí. Kò rí bẹ́ẹ̀ níbí. Ọjọ́ kẹta oṣù kejì 1976 ni ìjọba Murtala ṣòfin lórí àbá ìgbìmọ̀ Adájọ́ Akínọlá Àgúdà, gbogbo ilẹ̀ Àbújá sì bọ́ sọ́wọ́ ìjọba àpapọ̀. Apá 297 ìwé òfin 1999 tún tẹnu mọ́ ọn. Mínísítà tó ń bójú tó Àbújá ló ń fún èèyàn ní C of O, ìyẹn ìwé ẹ̀rí ilẹ̀ láti ọ̀dọ̀ ìjọba. Alága kánsù kò lè fún yín, baálẹ̀ abúlé kò lè fún yín.

Ṣùgbọ́n ẹ má wá torí ìyẹn pe àwọn Gbagyi ní àlejò. (Gbagyi ni wọ́n ń pe ara wọn o, kì í ṣe Gwari tó mọ́ wa lẹ́nu.) Àwọn ló ń dáko níbi tí a ti ń ra bàtà ní Wuse lónìí. Wọ́n kó ará Wuse àtijọ́ lọ sí Sabon Wuse ní ìpínlẹ̀ Niger, Kubwa tí mo ń gbé yìí sì wà lára ibi tí wọ́n kó àwọn mìíràn wá.

Àwọn ará Kwara wa náà ń ṣe tiwọn. Wọ́n ní ara ilẹ̀ àwọn ni wọ́n ti gé Àbújá. Lóòótọ́ ni wọ́n gé nínú Kwara, pẹ̀lú Niger àti Plateau, ṣùgbọ́n kì í ṣe ẹ̀yìnkùlé Ìlọrin. Apá Kotonkarfe ni, torí Kwara ayé ìgbà yẹn gùn débẹ̀. Ọdún 1991 ni ibẹ̀ di Kogi.

Ti Karu ló kù. Karu kan wà lábẹ́ AMAC; Karu mìíràn jẹ́ odindi ìjọba ìbílẹ̀ ní Nasarawa, inú rẹ̀ ni Mararaba wà. Ẹ bá súnkẹrẹ fàkẹrẹ kọjá Nyanya lọ́nà Keffi, ẹ ti jáde ní Àbújá nìyẹn, bí ajẹ́ǹtì tilẹ̀ ń pariwo "Àbújá! Àbújá!" Gómìnà tó wà ní Lafia ló ń fọwọ́ sí ìwé ibẹ̀.

Àbúrò wa ṣì ń pe ẹni tó tà á fún un. Fóònù rẹ̀ kò lọ mọ́.